Ọkùnrin Tó Ń Dìde Nínú Fíìmù Manase

Ọ̀rọ̀ yìí ṣẹlẹ̀. Bí ẹ bá rò pé irọ́ ni, ẹ lọ sí Neiafu, ní erékùṣù Vavaʻu, ní ilẹ̀ Tonga, kí ẹ béèrè lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni tó wà nínú gbọ̀ngàn ìjọ ní ọ̀sán Sátidé yẹn. Wọn ò ní dá yín lóhùn. Ẹ ṣáà wo ojú wọn. Èmi náà ì bá dákẹ́, ṣùgbọ́n inú ń bí mi, ó sì ti pẹ́ tó ti ń bí mi.

Talahiva ló ni ọ̀rọ̀ náà. Ẹní ló ń hun tà. Ó ti lé ní àádọ́ta ọdún, kì í pariwo, ṣùgbọ́n bó bá sọ̀rọ̀ nínú ilé, ará ojúde a gbọ́. Àbúrò ọkùnrin kan ṣoṣo ló ní, Inoke lorúkọ rẹ̀. Inoke ń bá ọ́fíìsì kan ṣiṣẹ́, ẹ má bi mí léèrè ọ́fíìsì wo. Iṣẹ́ amí ni. Ó ń bá àwọn tó ń ta oògùn olóró rìn, ó ń bá wọn jẹ, ó ń bá wọn mu, ó sì ń gbé ọ̀rọ̀ wọn lọ fún ọ̀gá rẹ̀ ní bòókẹ́lẹ́. Inú ọkọ̀ onígbòkun àwọn àlejò ni oògùn náà ti ń wọ èbúté. Gbogbo ìlú ló rò pé Inoke ti di ọ̀kan nínú wọn. Bó bá ń kọjá, wọn a tutọ́ sílẹ̀.

Talahiva nìkan ló mọ̀. Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kan, Inoke gbé ẹja sórí àtẹ̀gùn ilé ìdáná ẹ̀gbọ́n rẹ̀, bó ṣe máa ń ṣe, ó sì dúró sẹ́yìn ògiri.

"Tala, iṣẹ́ tí mo ń ṣe kì í ṣe èyí tí wọ́n ń sọ."

"Mo mọ̀," ni Talahiva dáhùn láti inú ilé.

Ẹ̀yìn ògiri ni wọ́n ti máa ń bára wọn sọ̀rọ̀. Ní ilẹ̀ Tonga, bí ọkùnrin àti obìnrin tí ìyá kan náà bí bá ti bàlágà, wọn kì í jókòó sínú yàrá kan náà mọ́. Bí obìnrin bá wọlé, ọkùnrin a dìde, a tẹríba, a jáde. Ọ̀rọ̀ ìhòòhò, ọ̀rọ̀ ìdọ̀tí, ọ̀rọ̀ ìtìjú kankan kò gbọdọ̀ jáde lẹ́nu ọkùnrin létí arábìnrin rẹ̀. Obìnrin ló sì ga jù. Ohun tó bá pa láṣẹ, ọkùnrin ò gbọdọ̀ kọ̀ ọ́.

Ó ti pé ọdún mélòó kan tí Inoke ti di àwátì. Ọ̀gá rẹ̀, Taniela, wá sí àgbàlá Talahiva, kò tilẹ̀ ṣí fìlà. Ó ní Inoke kó àpò owó àwọn olóògùn, ó bá ọkọ̀ sá lọ. "Ó ti lọ. Ẹ jẹ́ kó máa lọ." Ọ̀rọ̀ tó sọ kò jù bẹ́ẹ̀ lọ. Kò pẹ́ tí Taniela fi kọ́ ilé sórí òkè, lẹ́yìn ọgbà ọ́fíìsì wọn. Bí ẹ bá bi í léèrè ibi tó ti rí owó ilé, á ní ìyàwó òun ń ta fàńílà. Gbogbo wa ló ń ta fàńílà níbẹ̀, kò sí ẹni tó fi kọ́ òrùlé alárànbarà.

Kò sí òkú, kò sí sàréè. Nígbà tí àwọn yòókù bá ń kó iyanrìn funfun lọ sí itẹ́ òkú láti tún ojú oórì àwọn èèyàn wọn ṣe, Talahiva a jókòó sílé, a máa hun ẹní, a máa fa ewé já. Ìbéèrè kan ṣoṣo ló wà ní ọkàn rẹ̀: níbo ni Inoke wà?

Lẹ́yìn náà ni Manase dé láti Auckland lókè òkun. Ibẹ̀ ni wọ́n ti tọ́ ọ dàgbà, èdè baba rẹ̀ ò já gaara lẹ́nu rẹ̀, ṣùgbọ́n ó ní kámẹ́rà. Ó ní òun fẹ́ ṣe fíìmù ọ̀daràn nípa amí kan tó ń gbé láàrin àwọn olóògùn. Ó fún amí náà ní orúkọ mìíràn, àmọ́ ta ni wọ́n ń tàn jẹ? Ọmọ ọwọ́ mọ ẹni tí fíìmù náà ń sọ. Kò sí owó lọ́wọ́ Manase. Lisiate, ọmọ erékùṣù Haʻapai ní Tonga kan náà, tó ń fi ọkọ̀ gbé búrẹ́dì kiri, ló ṣe amí. Àwọn ọ̀dọ́ ìjọ ló ṣe olóògùn, ìyẹ̀fun ẹ̀gẹ́ ni wọ́n ń dì sínú ọ̀rá. Wọ́n yà á tán, wọ́n gbọ́ ohùn inú rẹ̀, orí Manase fò lọ. Ohun tí atẹ́gùn ò bà jẹ́, ẹlẹ́dẹ̀ bà á jẹ́, èyí tí ẹlẹ́dẹ̀ fi sílẹ̀, ẹgbẹ́ akọrin tó ń múra orin sílẹ̀ gbà á.

Wọ́n ní láti tún gbogbo ọ̀rọ̀ náà sọ sínú ẹ̀rọ, ohùn lé ohùn. Obìnrin tó ṣe ìyá amí ti lọ ká èso àjàrà ní Australia. Ni Manase bá wá bá Talahiva.

"Àǹtí, ohùn ìyá ni mo ń wá. Ohùn yín wúwo, ó máa bá a mu."

"Ìyá ta ni?"

Manase wo ilẹ̀. "Ìyá amí."

Talahiva gbà. Kì í ṣe nítorí fíìmù. Ó fẹ́ gbọ́ ohun tí wọ́n fẹ́ sọ nípa àbúrò òun.

Ilé kékeré kan tí wọ́n ti máa ń sá fàńílà ni Manase yá. Wọ́n fi tìmùtìmù àtijọ́ ti ara ògiri, wọ́n fi aṣọ tí wọ́n ń fi èèpo igi ṣe dí fèrèsé, kí ariwo má bàa wọlé. Òórùn fàńílà ṣì wà nínú pákó rẹ̀. Bí ènìyàn bá ti ilẹ̀kùn, kò ní gbọ́ nǹkan kan mọ́ àfi èémí ara rẹ̀. Òwúrọ̀ ni Talahiva dé ibẹ̀. Manase àti Lisiate ń wo àwòrán lójú kọ̀ǹpútà.

Nínú àwòrán, ọkùnrin mẹ́ta jókòó sórí ẹní yí abọ́ kava ká, omi gbòǹgbò tí àwọn ọkùnrin ibẹ̀ máa ń mu. Lisiate ló wà láàrin, ó gbé igbá àgbọn sẹ́nu. Talahiva ṣí ilẹ̀kùn, ó wọlé.

Lisiate inú àwòrán gbé igbá sílẹ̀. Ó dìde. Ó tẹríba, ó fi ọwọ́ kan di etí ẹ̀wù rẹ̀ mú, ó sì jáde lẹ́nu ọ̀nà.

Àwọn méjì tó kù ò wò ó. Wọ́n ń bá ojú ẹní òfìfo sọ̀rọ̀ lọ. Wọ́n béèrè ọ̀rọ̀, wọ́n dúró fún èsì, wọ́n rẹ́rìn-ín sí èsì tí ẹnì kankan ò fún wọn.

"Kí lèyí?" ni Manase wí. "Lisiate, ìgbà wo lo dìde?"

"Èmi? Mo jókòó níbẹ̀ títí ẹsẹ̀ mi fi kú. Ìwọ gan-an lo gbé mi dìde nígbà tá a ṣe tán."

Manase dá àwòrán náà padà sẹ́yìn. Ẹní òfìfo. Ó tún dá a padà. Ẹní òfìfo. Talahiva jáde lọ mumi. Bó ṣe gbé ife sẹ́nu ló gbọ́ Manase láti inú ilé.

"Ó ti padà o, Àǹtí. Ó wà níbẹ̀, ó ń mu kava rẹ̀."

Talahiva wọlé. Ọkùnrin náà gbé igbá sílẹ̀, ó dìde.

Manase rẹ́rìn-ín. "Kọ̀ǹpútà yìí ò fẹ́ràn yín rárá, Àǹtí. Owó tí mo fi rà á kéré jù."

Lisiate ò rẹ́rìn-ín. Haʻapai ni wọ́n ti tọ́ ọ, ó mọ ohun tó ń rí. Ó rọra sún kúrò nídìí kọ̀ǹpútà.

"Èmi kì í di etí ẹ̀wù mú báyẹn," ó ní. "Ẹ wò ó dáadáa. Ara mi ni. Ìrìn mi kọ́."

Talahiva mọ ìrìn náà. Nígbà tí Inoke wà ní kékeré, ṣòkòtò àwọn ẹ̀gbọ́n ìbátan rẹ̀ ló ń wọ̀, kò sí bọ́tìnnì lára rẹ̀. Ó máa ń fi ọwọ́ kan di etí ẹ̀wù mọ́ ṣòkòtò kí ó má bàa bọ́. Ó dàgbà tán, ó ra ṣòkòtò tirẹ̀, ọwọ́ náà ò kúrò níbẹ̀. Kì í ṣe ẹ̀rù ló kọ́kọ́ ba Talahiva. Inú ló bí i. Àwọn kan ló sọ ẹni tó ń fi etí ẹ̀wù rẹ̀ bo ìtìjú báyìí di olè lójú ayé.

Iṣẹ́ ò lè dúró. Manase fa okùn ẹ̀rọ gbohùngbohùn gba abẹ́ ilẹ̀kùn, Talahiva jókòó síta lábẹ́ igi gbẹ̀rẹ̀fútù, wọ́n fún un ní nǹkan bo etí tó fi ń gbọ́ wọn. Láti ibẹ̀ ló ti ń sọ ọ̀rọ̀ ìyá. "Ọmọ mi, o ti jẹun?" "Ọmọ mi, àwọn wo lò ń bá rìn?" Ojú pákó ilẹ̀kùn ló ń bá sọ̀rọ̀. Lójoojúmọ́, kí iṣẹ́ tó bẹ̀rẹ̀, ó máa ń wọlé díẹ̀ bíi pé ó gbàgbé nǹkan. Ọkùnrin náà a dìde. Ẹ̀yìn rẹ̀ nìkan ni Talahiva ń rí, a sì jáde lọ jókòó.

Ó di ọjọ́ tí wọ́n dé orí ìparí. Manase sọ fún un láti inú ilé pé èbúté ni wọ́n wà, amí ti gbé àpò owó, ó ń wọ ọkọ̀ lọ, ìyá rẹ̀ dúró sétí omi.

"Kí ni ìyá máa sọ?"

"Ó máa ní, 'Olè ni mo bí.'"

Talahiva bọ́ nǹkan etí sílẹ̀. Ó ṣí ilẹ̀kùn tagbára-tagbára, ó wọlé, ògiri mì.

"Ta ló kọ ìyẹn?"

"Àǹtí, ẹ rọra."

"Mo ní ta ló kọ ọ́? Àbí o ò gbọ́ èdè tí mo ń sọ?"

"Taniela ló yá wa ní ọkọ̀ àti aṣọ iṣẹ́ wọn. Ó ní bó ṣe gbọ́dọ̀ parí nìyẹn, àìjẹ́ bẹ́ẹ̀, a ò ní ráàyè fi hàn. Kí ni kí n ṣe? Fíìmù lásán ni."

"Fíìmù lásán. Nítorí mọ́tò àyálò, o sọ òkú di olè. Ìyá tó bí ẹ ní Auckland, ṣé ó mọ ohun tó bí?"

Lójú kọ̀ǹpútà, àpò owó ti bọ́ sílẹ̀ lórí pákó èbúté. Ẹni tó gbé e ti kúrò níbẹ̀. Omi ń gbá ìdí ọkọ̀, kò sì sí ohùn nínú rẹ̀. Talahiva lọ dúró síwájú rẹ̀, ó sún mọ́ ọn tí èémí rẹ̀ fi ń kan gíláàsì.

"Inoke," ó ní. "Mo ń jáde lọ. Bí mo bá ti jáde, sọ ibi tí o wà fún wọn. Sọ ohun tí wọ́n ṣe fún ọ, àti ẹni tó ṣe é. Èmi ni mo ní kí o sọ ọ́."

Ó jáde. Ó pa ilẹ̀kùn dé, ó jókòó sábẹ́ igi.

Ó kọ́kọ́ gbọ́ ohùn Lisiate inú fíìmù, ohùn òṣèré. Lẹ́yìn náà ohùn náà dá. Ohùn mìíràn bẹ̀rẹ̀, jẹ́jẹ́, láti ẹ̀yìn pákó. Ó mọ̀ ọ́n. Ẹ̀yìn ògiri ló ti ń gbọ́ ohùn yẹn láti ìgbà ọmọge rẹ̀. Kò gbọ́ ọ̀rọ̀ inú rẹ̀. Ó dìde, ó rọra lọ sẹ́nu ọ̀nà, ohùn náà dákẹ́. Ó padà sẹ́yìn, ohùn náà tún bẹ̀rẹ̀. Ó tún lọ, ó tún dákẹ́. Ó wá jókòó, ó fi ọwọ́ méjèèjì bo ẹnu kó má bàa ké.

Nígbà tí ilẹ̀kùn ṣí, Manase sáré lọ sẹ́yìn ilé, ó ń bì. Lisiate jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ nínú iyanrìn.

"Níbo ló wà?"

"Àǹtí, ẹ má bi mí."

"Lisiate, níbo ni àbúrò mi wà?"

"Ó sọ ọ́. Ó sọ gbogbo rẹ̀. Ó sọ orúkọ ẹni tó ṣe é. Ṣùgbọ́n ó ní ẹ ò gbọdọ̀ gbọ́. Ó ní ẹnikẹ́ni tó bá sọ ọ́ létí ẹ̀gbọ́n òun, òun á dìde sí i." Lisiate nu ojú. "Ibi tí wọ́n jù ú sí, Àǹtí, kì í ṣe ibi tí ènìyàn ń darúkọ níwájú arábìnrin ẹni. Wọn ò sì fi aṣọ sí i lára."

"Pa ẹnu rẹ mọ́," ni Manase pariwo láti ẹ̀yìn ilé.

Talahiva dúró. Ìbínú sí Taniela wà lára rẹ̀ tẹ́lẹ̀. Èyí tó dé báyìí, Inoke gan-an ló ń bí i nínú.

"Èmi ni mo pọ̀n ọ́n kó tó mọ ìrìn," ó ní. "Èmi ni mo ń nu ìdí rẹ̀. Ìtìjú wo ló kù tó fẹ́ bò mọ́ mi lójú? Ọ̀wọ̀ yìí ti pọ̀ jù. Mi ò bẹ̀ ẹ́ fún ọ̀wọ̀."

Ó yíjú sí ibi tí Manase wà.

"Bí ẹ ò bá lè sọ fún mi, ẹ fi han gbogbo ìlú."

"Taniela máa wà níbẹ̀. Òun ló pe àwọn èèyàn."

"Ìyẹn gan-an ni mo fẹ́."

Ọ̀sán Sátidé ni wọ́n fi í hàn. Wọ́n ta aṣọ èèpo igi bo àwọn fèrèsé gbọ̀ngàn, ibẹ̀ ṣú dùdù. Èrò kún dẹ́nu ọ̀nà, ọmọdé jókòó sórí ẹní níwájú. Talahiva fẹ́ dúró síta bí wọ́n ṣe jọ sọ ọ́, kí Inoke lè ráyè sọ̀rọ̀, ṣùgbọ́n Taniela ń dúró dè é lórí àtẹ̀gùn. Ẹnu Manase ò ní kọ́kọ́rọ́, ọ̀rọ̀ ti dé etí ọ̀gá. Ọkùnrin tí kì í ṣí fìlà ti ṣí i. Ó ró ẹní ọ̀wọ̀ mọ́ ìdí, ẹní tí wọ́n ń ró lọ sọ́dọ̀ ọba.

"Màmá, ẹ máa bọ̀. Àga yín wà níwájú. Ẹ̀yin lẹ lọjọ́ òní."

Àga onítìmùtìmù ni. Ó fi ọwọ́ ara rẹ̀ nu ún. Àwọn obìnrin ilé rẹ̀ jókòó sí apá ọ̀tún àti apá òsì Talahiva, wọ́n gbé ẹran ẹlẹ́dẹ̀ sísun àti iṣu lé e lẹ́sẹ̀, ọ̀kan ń fi abẹ̀bẹ̀ fẹ́ ẹ. Taniela jókòó sẹ́yìn rẹ̀ gan-an, èémí rẹ̀ ń kan ọrùn rẹ̀. Ojú gbogbo ìlú wà lára wọn. Talahiva jókòó.

Fíìmù bẹ̀rẹ̀. Ọkùnrin náà wà níbẹ̀ fún bí ìṣẹ́jú kan, lẹ́yìn náà ó dìde, ó tẹríba, ó jáde. Láti ìgbà náà, kò padà wá. Àwọn olóògùn ń bá àga sọ̀rọ̀. Mọ́tò ń sáré, kò sí awakọ̀ nínú rẹ̀. Ìyá ń bi ẹnu ọ̀nà òfìfo pé ṣé ó ti jẹun. Èrò bú sẹ́rìn-ín.

"Manase, òṣèré rẹ dà?" ni ẹnì kan ké láti ẹ̀yìn. "Àbí o ò fún un lówó iṣẹ́?"

"Ó wà lórí mọ́tò búrẹ́dì," ni ẹlòmíràn dáhùn. "Ẹ ní sùúrù, ó ń bọ̀."

Wọ́n tún rẹ́rìn-ín. Lẹ́yìn náà, ìyá arúgbó kan tó jókòó nítòsí ògiri sọ̀rọ̀, kò gbé ohùn sókè. "Ẹ̀yin èèyàn yìí, ṣé ẹ ò rí ẹni tó jókòó síwájú ni?"

Ẹ̀rín náà kú. Ènìyàn tó bá dàgbà níbẹ̀ kò nílò àlàyé mìíràn. Ọ̀rọ̀ náà lọ láti àga dé àga. Ó ń dìde fún ẹ̀gbọ́n rẹ̀. Inoke ni. Ó ń dìde fún ẹ̀gbọ́n rẹ̀. Ẹ̀rọ ń kùn lọ.

Taniela gbá apá Talahiva mú láti ẹ̀yìn. Ọwọ́ rẹ̀ tutù, ó ń làágùn.

"Màmá, ẹ má dìde o. Ẹ jẹun. Kí ni ẹ fẹ́ mu? Wọ́n á gbé e wá."

Ó wá yé Talahiva pátápátá. Bí òun bá jókòó, ìlú ò ní rí nǹkan kan, Taniela á máa gun òkè rẹ̀ lọ, Inoke á máa jẹ́ olè. Bí òun bá jáde, ìlú á rí gbogbo rẹ̀, orúkọ Inoke á mọ́, ṣùgbọ́n ẹnu gbogbo ìlú á pa dé sí òun nìkan. Òun á kú láìmọ̀. Tó bá sì jókòó, ó ṣì lè máa rí ẹ̀yìn rẹ̀ lọ́jọ́ mìíràn. Èyí tó kù fún un láyé nìyẹn, ẹ̀yìn ọkùnrin kan tó ń di etí ẹ̀wù mú lọ. Inú bí i tí omi fi dà lójú rẹ̀. Ta ló fi òun sínú irú yíyàn báyìí? Ẹni tó ní kí wọ́n máa fi abẹ̀bẹ̀ fẹ́ òun ni.

"Tú mi sílẹ̀, Taniela."

"Màmá, ẹ jọ̀ọ́."

"Ìgbà tó o wá sí àgbàlá mi, o ò bẹ̀ mí. Tú mi sílẹ̀."

Ó dìde. Ó rìn gba àárín èrò kọjá, wọ́n ń sún ẹsẹ̀ kúrò lọ́nà fún un. Kò wẹ̀yìn. Ó jáde, ó fa ilẹ̀kùn dé.

Oòrùn ń ràn. Itẹ́ òkú wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ gbọ̀ngàn, àwọn oórì tí wọ́n fi iyanrìn funfun àti aṣọ alárànbarà ṣe lọ́ṣọ̀ọ́. Talahiva jókòó sórí ògiri kúkúrú tó yí i ká. Ohùn ẹ̀yìn ògiri náà bẹ̀rẹ̀. Lọ́tẹ̀ yìí, kò lọ sẹ́nu ọ̀nà. Ó jókòó, ó ń gbọ́ bó ṣe ń lọ sókè àti bó ṣe ń sọ̀ kalẹ̀, bí ẹni tó ń gbọ́ òjò lórí páànù. Ó gbọ́ tí àga ṣubú. Ó gbọ́ tí obìnrin kan kérora. Ó gbọ́ tí ẹnì kan fi ọwọ́ lu ilẹ̀kùn láti inú, bíi pé ó fẹ́ jáde tí ilẹ̀kùn ò gbà fún un. Ilẹ̀kùn náà kò ní kọ́kọ́rọ́ o, mo mọ̀ ọ́n. Lẹ́yìn náà, kò gbọ́ nǹkan kan mọ́. Ẹyẹ pàápàá dákẹ́.

Olùṣọ́-àgùntàn ló kọ́kọ́ jáde. Ó tẹríba nígbà tó dé iwájú Talahiva, ó kọjá. Àwọn tó tẹ̀lé e náà bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ bí wọ́n ṣe ń kọjá, àgbà àti èwe. Kò sí ẹni tó wò ó lójú. Àwọn ọkùnrin yà sí ilé wọn. Nígbà tí wọ́n tún jáde, ṣọ́bìrì àti irin ìwalẹ̀ wà lọ́wọ́ wọn. Wọ́n gba ọ̀nà òkè lọ láìsọ̀rọ̀.

"Níbo lẹ̀ ń lọ?" ni Talahiva bi Lisiate.

"Ẹ máa lọ sílé, Àǹtí. Ẹ tẹ́ ẹní."

Taniela ló jáde kẹ́yìn. Bàtà kan ṣoṣo ló wà lẹ́sẹ̀ rẹ̀. Ó jókòó sórí àtẹ̀gùn, ó ń wo ọwọ́ ara rẹ̀, èékánná rẹ̀ ti ya.

"Kí lo sọ fún un?" ó ní.

"Mo ní kó sọ̀rọ̀."

"Ó ń wò mí. Ní gbogbo ìgbà tó ń sọ̀rọ̀, èmi nìkan ló ń wò."

Talahiva tutọ́ sílẹ̀ níwájú rẹ̀, ó kọjá lọ.

Ìjọba ní àwọn ń wádìí ọ̀rọ̀ náà. Títí di bí mo ṣe ń sọ̀rọ̀ yìí ni wọ́n ń wádìí. Wọ́n gbé iṣẹ́ Taniela lọ sí erékùṣù mìíràn, ó sì tún ti dé fìlà. Àwọn ará ìlú tó rí i pẹ̀lú ojú wọn, bí àwọn olùwádìí bá bi wọ́n, wọ́n á ní fíìmù làwọn wò. Ẹ̀rí wo ni fíìmù? Manase ti padà sí Auckland. Ó ní ẹni yòówù kó wò ó báyìí, bí Talahiva wà níbẹ̀, bí kò sí níbẹ̀, kò sí ọkùnrin kankan nínú rẹ̀ mọ́, láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Lisiate ṣì ń gbé búrẹ́dì. Kì í wo dígí.

Ìrọ̀lẹ́ Sátidé yẹn ni wọ́n gbé òkú Inoke dé ilé Talahiva. Wọ́n ti wẹ̀ ẹ́, wọ́n ti fi ẹní dáradára wé e yípo, wọ́n sì fi okùn rán ẹnu ẹní náà pa kí ẹnikẹ́ni má bàa rí inú. Wọ́n tẹ́ ẹ sáàrin yàrá. Ẹ̀gbọ́n baba wọn obìnrin, arúgbó tí ojú rẹ̀ ti fọ́, jókòó síbi orí bó ṣe tọ́ sí i. Àwọn ọkùnrin tó gbé e wá dúró síta nínú òkùnkùn, amọ̀ wà lẹ́sẹ̀ wọn.

"Níbo lẹ ti gbé e?" ni Talahiva bi wọ́n.

"Ó ti délé, Àǹtí," ni wọ́n ń sọ.

Talahiva dúró sẹ́nu ọ̀nà fún ìgbà pípẹ́. Ó bọ́ bàtà, ó sì wọ inú yàrá.

Ẹní náà mì.

Gbogbo wa tó wà lójú fèrèsé rí i. Ó mì láti ibi ẹsẹ̀, ó mì dé ibi àyà, okùn tí wọ́n fi rán an ń dún. Afọ́jú tó wà níbi orí yí ọrùn padà, ó ní, "Ta ló wọlé?" Talahiva kúnlẹ̀. Ó gbé ọwọ́ méjèèjì lé ẹní náà, ó tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀ pẹ̀lú gbogbo agbára rẹ̀, ojú rẹ̀ le, ojú ẹni tó ń bá ọmọ wí.

"Má dìde," ó ní. "Inoke, èmi ni mo ní kí o má dìde."